Ọ̀rá Inú Ìkòkò Oudette

Gautron ò kí ẹnikẹ́ni kó tó wọlé. Ó kàn fi èjìká ti ilẹ̀kùn ilé ààrò, ó gbé ìkòkò dúdú kan ka orí pátákó tí Perronelle ti ń po ìyẹ̀fun, ó ní:

"Ìyá Ààrò, ẹ gbóòórùn ẹ̀."

Perronelle wo ìkòkò, ó wo Gautron. Gautron yìí lọ̀gá òṣìṣẹ́ Baálẹ̀, òun ló ń mójú tó oko, tó ń mójú tó ẹran, tó ń dá ẹjọ́ kéékèèké lábúlé. Ọkùnrin gíga tí kì í rẹ́rìn-ín ni. Tó bá tiẹ̀ wá rẹ́rìn-ín, ẹ máa rò pé eyín ló ń dùn ún.

"Ọjọ́ Ẹtì la wà," Perronelle ní. "Inú Lẹ́ńtì sì tún ni. Kí lo fẹ́ kí n gbóòórùn?"

"Ẹ̀ṣẹ̀ ni."

Perronelle bá tẹrí ba, ó sún imú mọ́ ọn. Háà! Ẹran, èyí tó jẹ́ èèwọ̀ títí di Àjíǹde. Kì í ṣe ẹja oníyọ̀ gbígbẹ tí gbogbo abúlé ń jẹ látọjọ́ tí wọ́n ti fi eérú sí wọn níwájú orí, kì í ṣe ẹ̀wà, kì í ṣe ewébẹ̀. Ọ̀rá ẹran ń dán lójú ọbẹ̀ yẹn bí ojú ẹni tó fi òróró pa ara lọ sóde.

"Ìkòkò ta ni?"

"Oudette opó."

Perronelle jókòó.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìyí. Ní Ilé Òkè, ìyẹn ilé Baálẹ̀ Thierri tó ni ilẹ̀ gbogbo abúlé, wọ́n ń bọ́ àwọn àkùkọ kan tí wọ́n ti tẹ̀ lọ́dàá kí wọ́n lè sanra de Àjíǹde. Lẹ́yìn tí Lẹ́ńtì bẹ̀rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan ń pòórá lọ́jọ́ Ọjọ́bọ̀. Ó ti di mẹ́ta. Gautron kọ́kọ́ ní kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ni. Àwọn obìnrin létí odò bá ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ní kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ wo ló máa ń jẹun tán tí ò ní já ìyẹ́ kan sílẹ̀, tó tún máa ti ilẹ̀kùn padà bí ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé? Inú bí Gautron. Àfẹ̀mọ́júmọ́ ọjọ́ Ẹtì yìí ló gba ojúlé dé ojúlé, ó ń ṣí ìkòkò onílé wò.

"Ẹ̀wà ni mo rí. Ẹja oníyọ̀. Ẹ̀wà. Kábéèjì. Ẹ̀wà," ó ní. "Ìgbà tí mo wá dé ọ̀dọ̀ Oudette, imú mi ló mú mi wọlé."

"Kí lòun wí?"

"Ó ní òun ò fi ẹran sí i. Olè wo ló jẹ́wọ́ rí? Mo ti tì í mọ́ àká. Ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn Máàsì, ó ń jáde lábúlé yìí, òun àtàwọn ọmọ rẹ̀ méjèèjì. Baálẹ̀ á gba ilé ẹ̀."

"Nínú òtútù yìí? Kí wọ́n lọ síbo?"

"Ẹ̀yin náà lẹ ṣáà là mí lójú, Ìyá Ààrò. Mo bi yín lánàá ẹni tí ò gbé ìyẹ̀fun wá sí ààrò mọ́, ẹ ní Oudette, ẹ ní ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ẹni tí ò ní búrẹ́dì fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, kí ló ń jẹ?"

Perronelle nu ìyẹ̀fun ọwọ́ ẹ̀ sára aṣọ. Òótọ́ ni, òun ló sọ ọ́. Gautron bi í bí ẹni ń fọ̀rọ̀ wérọ̀, òun náà sì dáhùn, ó ń po ìyẹ̀fun lọ, kò tiẹ̀ gbójú sókè. Ẹnu ẹ̀ ló ti ìyá ọlọ́mọ méjì mọ́lé.

"Fi ìkòkò yìí sílẹ̀ fún mi," ó ní. "Kó o sì fún mi dọjọ́ Àìkú."

"Kí lẹ fẹ́ fi ṣe?"

"Mo fẹ́ bi í léèrè ọ̀rọ̀."

Gautron gbà fún un. Kò tíì gbàgbé pé obìnrin yìí ló mú ẹni tó ń bu ìyẹ̀fun oníyẹ̀fun jẹ lọ́dún tó kọjá, kò sì kúrò nídìí ààrò ẹ̀ kó tó mú un. Ó fi ìkòkò sílẹ̀, ó lọ.

*

Ẹ ò ní rí ẹni tó mọ oúnjẹ ilé onílé tó Perronelle. Kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ yan búrẹ́dì síbòmíì lábúlé yẹn àfi ní ààrò Baálẹ̀, òun ló sì ń tọ́jú ààrò. Ó mọ ilé tó ń jẹ àlìkámà funfun, ó mọ èyí tó ń jẹ ọkà dúdú, ó mọ àwọn tó ń po ẹ̀wà lílọ̀ mọ́ ọn nígbà tí ọwọ́ bá há. Ẹ lè parọ́ fún fadá. Ẹ ò lè parọ́ fún ẹni tó ń yan búrẹ́dì yín.

Ó mú síbí, ó ń tú ìkòkò náà. Ọkà bálì. Ewé àlùbọ́sà. Kò sí egungun, bó ti wù kó kéré mọ. Àkùkọ odindi, kò sì sí egungun? Ó tún tú u. Síbí ẹ̀ gbé nǹkan kan tó rọ̀ múlọ́múlọ́ sókè: búrẹ́dì. Èèpo ìsàlẹ̀ ẹ̀ ṣì le díẹ̀. Perronelle gbé èèpo náà síbi ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé.

Ilà kan wà nídìí ẹ̀, tó ṣe wọ́rọ́kọ́ bí ọ̀nà èèrà.

Ó rẹ́rìn-ín sínú. Bíríkì kan ti sán ní igun ọ̀tún ààrò láti ọdún tí yìnyín pọ̀ yẹn, gbogbo búrẹ́dì tó bá ti jókòó síbẹ̀ ló ń gba ilà yẹn. Búrẹ́dì Ilé Òkè nìkan ló sì ń yan sí igun ọ̀hún. Búrẹ́dì àwo ni èyí. Ọjọ́ Ajé ló ń yan án, wọ́n á jẹ́ kó le dọjọ́ Ọjọ́bọ̀, wọ́n á gé e pẹlẹbẹ, wọ́n á bu oúnjẹ lé e níwájú àwọn ẹni ńlá. Àwọn ẹni ńlá á jẹ oúnjẹ, wọn ò ní jẹ àwo.

Ó ku adùn ẹ̀. Ó wo ẹ̀yìn, ó wo iwájú, ó ní, "Ọlọ́run, kì í ṣe ọ̀fun ni, iṣẹ́ ni o," ló bá ti ìka bọ ọbẹ̀, ó tọ́ ọ wò.

Kànáfùrù! Atalẹ̀!

Oudette, tí ò ní iyọ̀ tó tó, níbo ló ti rí kànáfùrù, èròjà ilé olówó?

*

Nínú àká, Oudette jókòó lórí àpò òfìfo, àwọn ọmọ ẹ̀ obìnrin méjèèjì lé e lẹ́sẹ̀. Kò ju ẹni ọdún márùndínlọ́gbọ̀n lọ, àmọ́ ojú ẹ̀ ti gbó.

"Ẹ wá wò mí, Ìyá Ààrò? Ẹ ṣeun o. Ẹnu yín dùn."

"Bú mi dáadáa, ó tọ́ sí mi," Perronelle ní, ó sì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ tì í. "Ìgbà tó o bá bú mi tán, kó o dá mi lóhùn. Ibo lo ti rí búrẹ́dì inú ìkòkò ẹ?"

"Ní ẹnu ọ̀nà Ilé Òkè, níbi tí gbogbo tálákà ti ń gbà á! Ọjọ́bọ̀ Ọjọ́bọ̀ ni wọ́n ń pín in. Àwo Baálẹ̀ fúnra ẹ̀ ni wọ́n máa ń fún mi, torí wọ́n ní ti Baálẹ̀ gbọ́dọ̀ lọ sọ́wọ́ ẹni tó tálákà jù. Èmi ni mo gba ipò kìíní," ó rẹ́rìn-ín ẹ̀gàn, "ẹ bá mi yọ̀."

"Èyí tó o gbà lánàá, báwo ló ṣe rí?"

"Ó tutù, ó rin gbingbin. Mo sè é mọ́ ọkà bálì kó lè kárí àwa mẹ́ta."

"O ò gbóòórùn ẹran?"

Oudette wò ó bí ẹni tí wọ́n bi nípa ìlú tí ò dé rí.

"Òórùn ẹja ni mo gbọ́ o. Àbí kì í ṣe ẹja? Lẹ́ńtì ṣáà ni. Mo ní bóyá bí ẹja olówó ṣe máa ń rí lẹ́nu nìyẹn. Ìyá Ààrò, ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ ni ẹran tí mo mọ̀. Adìyẹ tí mò ń sìn, ẹyin ẹ̀ ni mò ń tà, òun fúnra ẹ̀ ń lọ sí Ilé Òkè ní Kérésì dípò owó ilẹ̀. Kí ni mo fẹ́ fi mọ̀ ọ́n?"

Ọmọ ẹ̀ àgbà ní, "Màámi, ẹja yẹn dùn."

Perronelle dìde. Ó ti gbọ́ ohun tó fẹ́ gbọ́, ó sì ti gbọ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

*

Ancel, alásè Ilé Òkè, jẹ́ ọkùnrin kúkúrú tí ikùn ẹ̀ máa ń ṣíwájú ẹ̀ wọ yàrá.

"Ìyá Ààrò! Ta lẹ fi iná ààrò sílẹ̀ fún?"

"Iná mọ ara ẹ̀ tọ́jú. Kí lo sè fún Baálẹ̀ lánàá?"

"Ẹja eléyín, láti inú adágún. Mo gún un kúnná, mo pò ó mọ́ omi èso álímọ́ńdì, mo fi kànáfùrù àti atalẹ̀ sí i." Ó gbé àyà sókè. "Ẹ lọ béèrè mi! Mo lè fi álímọ́ńdì ṣe ẹyin tí adìyẹ á sàba lé. Mo lè fi ẹja ṣe itan ẹlẹ́dẹ̀ tí fadá á fi máa bẹ Ọlọ́run kó tó rántí pé òun ò tíì ṣẹ̀."

"Ọ̀rá tó wà lára búrẹ́dì ńkọ́?"

"Òróró álímọ́ńdì ni. Ẹ̀yin ẹ mọ ìyẹ̀fun, ẹ fi ìkòkò sílẹ̀ fún wa."

"Ó dáa náà. Bu díẹ̀ nínú òróró ọ̀hún fún mi."

Ó bù ú sínú àwo kékeré. Perronelle yọ àwo kejì lábẹ́ aṣọ ìborí ẹ̀, ó ti ha ọ̀rá ojú ìkòkò Oudette sínú ẹ̀, ó ti yọ́ ọ nídìí iná. Ó gbé méjèèjì lọ sójú fèrèsé ilé wàrà, níbi tí oòrùn kì í dé, tí atẹ́gùn òtútù ń gbà wọlé bí ẹni tó ni ilé. Ilé wàrà dákẹ́, kò sẹ́ni tó ń po bọ́tà nínú Lẹ́ńtì.

"Kí la ń dúró dè?" Ancel béèrè.

"A ń dúró de òtútù."

Wọ́n dúró. Ancel ń sọ̀rọ̀ ṣáá, ó sọ ti ẹsẹ̀ tó ń dùn ún, ó sọ ti ìyàwó àbúrò ẹ̀, ó tún padà sórí ẹsẹ̀. Perronelle ń dáhùn "hẹn, hẹn." Nígbà tó ṣe, ó gbé àwo àkọ́kọ́, ó tẹ̀ ẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Òróró álímọ́ńdì ṣàn lọ sápá kan. Ó gbé èkejì, ó tẹ̀ ẹ́. Kò mira. Ó ti dì, ó ti funfun bí àbẹ́là.

"Òróró èso álímọ́ńdì, ó ń ṣàn," Perronelle ní. "Èyí tó wá láti ara ẹran ló ń dì. Ancel, ikùn ẹ yìí ò jọ ti ẹni tó ń gbààwẹ̀ o. Ṣé ìwọ lo jókòó sáyè Baálẹ̀, tó o fi àwo ẹ̀ jẹ àkùkọ mẹ́ta?"

"Èmi?!" Ó di ikùn ẹ̀ mú lọ́wọ́ méjèèjì. "Bí wọ́n ṣe bí mi nìyí! Ìyá mi wà láyé, ẹ lọ bi í! Mo búra, mi ò fẹnu kàn án, mo kàn ń gún un ni, mo..."

Ó ti sọ ọ́ tán.

"O gún kí ni?"

Ancel wo àtẹ̀gùn tó lọ sókè sí yàrá Baálẹ̀. Omi lé ròrò lójú ẹ̀.

"Ẹ bi Ìyáàfin," ó ní.

*

Ọ̀sán ọjọ́ Àbámẹ́ta ni Perronelle tó rí Ìyáàfin Aelis, ọmọbìnrin Baálẹ̀, nínú ọgbà ewébẹ̀ tí òtútù ti jẹ gbogbo ewé ẹ̀. Àwo méjèèjì ló kàn gbé sórí òkúta níwájú ẹ̀.

Aelis wò wọ́n. Kò jà.

"Bàbá ń kú lọ, Ìyá Ààrò," ó ní. "Ẹ̀yin náà wà ní ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Ọjọ́rú Eléérú, ẹ gbọ́ ẹ̀jẹ́ wọn."

Ta ni ò gbọ́? Renaut, ọmọkùnrin kan ṣoṣo tí Baálẹ̀ bí, wà lẹ́wọ̀n lọ́wọ́ àwọn ọ̀tá láti ọdún tó kọjá. Baálẹ̀ sì dìde níwájú gbogbo ìjọ, ó jẹ́jẹ̀ẹ́ pé òun ò ní fẹnu kan ẹran títí Àjíǹde, àìsàn ì báà dé, kí Ọlọ́run dá ọmọ náà padà fóun. Ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà ló dùbúlẹ̀.

"Fadá ní aláìsàn lómìnira láti jẹ ẹran. Bàbá kọ̀. Wọ́n ní ẹ̀jẹ́ lẹ̀jẹ́. Wọ́n ń gbẹ lójú mi! Ni mo bá ní kí Ancel gún àkùkọ òdá kó kúnná, ká pè é ní ẹja eléyín. Ọjọ́bọ̀ nìkan, nígbà tí Gautron bá lọ sí ọjà. Bàbá ò mọ̀ rárá. Tí wọ́n bá gbọ́ pé ẹ̀jẹ́ wọn ti bàjẹ́, ìyẹn ló máa pa wọ́n."

"Oudette ńkọ́?"

Aelis dojú bolẹ̀. "Mo ń wá bí mo ṣe máa ràn án lọ́wọ́. Mo rò pé bó bá jáde tán, màá fi oúnjẹ ránṣẹ́ tẹ̀ lé e."

"Sójú ọ̀nà wo?"

Perronelle wá béèrè nǹkan míì, bí ẹni pé kò já mọ́ nǹkan kan.

"Ìyáàfin, báwo ni bàbá ṣe ń jẹ ẹ́?"

"Bí ẹni tébi ń pa. Síbí kan ò tíì lọ tán tí wọ́n fi ń bu òmíì. Wọ́n máa ń dijú."

"Wọn ò tọwọ́ bọ̀ ọ́? Wọn ò fìka tẹ̀ ẹ́?"

"Rárá. Mi ò tiẹ̀ kíyè sí i títí ẹ fi béèrè."

Perronelle rántí ọjọ́ kan. Aelis kò tíì dáyé nígbà yẹn, àmọ́ òun wà níbẹ̀ lọ́jọ́ ìgbéyàwó Baálẹ̀, nígbà tí egungun ẹja eléyín há a lọ́fun, tí ojú ẹ̀ di dúdú, tí ìyàwó fi ìbòjú ẹ̀ sílẹ̀ tó ń lù ú lẹ́yìn. Láti ọjọ́ náà, ẹja ì báà kúnná bí ìyẹ̀fun, Baálẹ̀ á fi àtàǹpàkò àti ìka tẹ gbogbo ẹ̀ wò kó tó kàn án lẹ́nu. Ó ń ṣe é lọ́dọọdún níbi àsè, àwọn èèyàn á máa fi ìgbọ̀nwọ́ ta ara wọn lábẹ́ tábìlì.

Ẹni tí ẹ̀rù egungun ń bà tó báyẹn, tó wá ń dijú gbé "ẹja eléyín" mì.

"Ẹ jẹ́ n rí bàbá," Perronelle ní.

*

Baálẹ̀ Thierri jókòó tira mọ́ ìrọ̀rí, aṣọ onírun dé ọrùn. Ó ti rù, àmọ́ ojú ẹ̀ mọ́lẹ̀.

"Perronelle. Wọ́n ní o fẹ́ kí mi. Ṣé ààrò ti wó ni?"

"Ààrò ò wó, Baálẹ̀. Ara á le o. Ẹja eléyín ọjọ́ Ọjọ́bọ̀, mo gbọ́ pé ẹ ò tẹ̀ ẹ́ wò."

Aelis, tó dúró lẹ́nu ọ̀nà, fọwọ́ bo ẹnu.

"Àádọ́ta ọdún ni mo ti ń jẹ àkùkọ òdá," bàbá sọ, ohùn ẹ̀ wálẹ̀. "Síbí àkọ́kọ́ ni mo ti mọ̀."

"Bàbá!" Aelis kígbe.

"Má pariwo, ọmọ mi. Mo mọ ìdí tó o fi ṣe é. Èmi náà ní ìdí tí mo fi dákẹ́. Òkú ò lè lọ pàdé ọmọ ẹ̀ lójú ọ̀nà. Mo ní níwọ̀n ìgbà tẹ́nì kan ò bá sọ fún mi, èmi náà ò mọ̀ nìyẹn."

"Oudette ni ò mọ̀, Baálẹ̀," Perronelle ní. Kò gbóhùn sókè. "Ó sè é, ó jẹ ẹ́, ó fún àwọn ọmọ ẹ̀ jẹ, ó rò pé bí ẹja yín ṣe máa ń rí nìyẹn. Ẹni tó mọ̀ wà lórí ìrọ̀rí. Ẹni tí ò mọ̀ wà nínú àká. Lọ́la lẹ máa lé e jáde."

"Ta ló ń lé ta?"

Ìgbà yẹn ló yé Perronelle pé wọn ò sọ fún un. Ó wá sọ gbogbo ẹ̀: ìkòkò, àká, ilé tí wọ́n fẹ́ gbà lórúkọ ẹ̀. Bàbá gbọ́ ọ tán.

"Tí mo bá sọ ọ́ ní gbangba," ó ní, "ẹ̀jẹ́ mi ti bàjẹ́ lójú ọ̀run àti lójú ayé. Renaut ńkọ́?"

"Mi ò mọ nǹkan tí Ọlọ́run máa ṣe fún Renaut, Baálẹ̀. Mi ò ju ẹni tó ń yan búrẹ́dì lọ. Nǹkan tí Gautron máa ṣe sí Oudette ni mo mọ̀."

Bàbá yíjú sí ògiri. Perronelle kí i, ó sì jáde. Kò sùn dáadáa.

*

Lọ́jọ́ Àìkú, Máàsì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí, Gautron ti dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ àká lọ́wọ́, nígbà tí ọkùnrin mẹ́rin gbé àga kan wọlé. Baálẹ̀ ló wà nínú ẹ̀. Ó wọ aṣọ àwọ̀sùn, kò wọ bàtà nínú òtútù yẹn. Ó ní kí wọ́n gbé òun síwájú, síbi tóun ti jẹ́jẹ̀ẹ́.

Kò fa ọ̀rọ̀ gùn. Ó ní, "Àkùkọ mẹ́ta tó sọnù, èmi ni mo jẹ wọ́n. Mo mọ ohun tí mò ń jẹ. Kò sẹ́ni tó jí nǹkan kan." Ó wo fadá. "Ìyà tó bá tọ́ sí mi, ẹ fi jẹ mí. Ìyà tẹ́ ẹ kó lé obìnrin yẹn lórí, ẹ sọ ọ́ kalẹ̀." Lẹ́yìn náà ló wá sunkún ọmọ ẹ̀, lójú gbogbo èèyàn, ó ń pe orúkọ ẹ̀. Kò sẹ́ni tó fi ìgbọ̀nwọ́ ta ẹnìkejì.

Gautron bá Perronelle lẹ́nu àká. Ó ti kọ́kọ́rọ́ bọ ihò.

"Ẹ mọ̀ látàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì?" ó béèrè.

"Kànáfùrù ni mo mọ̀. Ṣí ilẹ̀kùn."

Oudette jáde, ó ń fojú wá oòrùn, ọmọ kan lọ́wọ́ ọ̀tún, ọ̀kan lọ́wọ́ òsì. Ó rò pé wọ́n ti dé láti wá lé òun. Perronelle ní kó máa lọ sílé ẹ̀, ilé ẹ̀ ṣì ni ilé ẹ̀. Ó sọ bó ṣe jẹ́ fún un, ó ní ohun tó wà lára búrẹ́dì yẹn, àkùkọ òdá ni, irú èyí tí Baálẹ̀ ń jẹ, tí wọ́n fi kànáfùrù àti atalẹ̀ sè.

Oudette dúró lójú kan. Ó ń fi ahọ́n wá nǹkan lẹ́nu, bí ẹni pé ó lè ku díẹ̀ níbẹ̀.

"Adìyẹ nìyẹn?" ó ní. "Ìyá Ààrò, adìyẹ nìyẹn? Mo sì ní kí àwọn ọmọ tètè gbé e mì kó má baà tutù."